Irínwó Kílò

Antwerp, ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀mù
Ọjọ́ kẹfà, oṣù Kejì, 1994

Ẹ̀gbọ́n mi Moyinọlá,

Ẹ kú àtijọ́. Ẹ kú iṣẹ́ ilé-ẹ̀kọ́, ẹ kú ìtọ́jú Ìyá wa. Ẹ bá mi kí Tèmidire ọmọ yín, ẹ sọ fún un pé bàtà tó ní kí n rà fún òun ti wà nínú bùútù ọkọ̀, bí ẹnikẹ́ni ní èbúté Èkó ò bá tíì wọ̀ ọ́ lọ.

Ọkọ̀ tí mo ti ń sọ láti ọdún méjì sẹ́yìn ti wọ ọkọ̀ ojú omi ní Ọjọ́bọ̀. Kékeré ni, aláwọ̀ ewé, ilẹ̀kùn mẹ́rin àti ti ẹ̀yìn. Ìyá arúgbó kan ló ń fi í ra ọjà níbí, kò sì fi í sáré rí. Ẹ mọ̀ pé inú ọgbà tí wọ́n ti ń kó àlòkù ọkọ̀ jọ ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Oṣù mẹ́jọ ni mo fi ṣọ́ ọkọ̀ yìí kí ọ̀gá má baà tà á fún ẹlòmíràn.

Ẹ kọ ọ́ nínú ìwé yín pé Ìyá fẹ́ padà sí Ògbómọ̀ṣọ́ kí ẹsẹ̀ wọn tó kọ̀ pátápátá. Ẹ ní wọ́n sọ pé, "Mi ò fẹ́ kí wọ́n fi ọkọ̀ gbé òkú mi wọlé. Ìjókòó ni mo fẹ́ jókòó wọlé." Láti ìgbà tí mo ti ka ọ̀rọ̀ yẹn, ara mi ò lélẹ̀. Ẹ bá mi sọ fún wọn pé nínú oṣù Kejìlá ọdún yìí, èmi fúnra mi ni màá jókòó sídìí ọkọ̀ náà, màá sì gbé wọn dé ẹnu ọ̀nà ilé Bàbá. Títí dìgbà náà, ẹ máa lò ó. Ẹ máa wo omi inú rẹ̀ láràárọ̀ kí ẹ tó tan iná sí i.

Èmi àbúrò yín,
Ọlọ́runtọ́ba


Badarawa, Kàdúná
Ogúnjọ́, oṣù Kẹrin, 1994

Tọ́ba, àbúrò mi,

Mo kí ọ, mo kí òtútù ilẹ̀ yín. Ìyá ní kí n kọ́kọ́ bi ọ́ bóyá o ń jẹun, nítorí náà mo ti bi ọ́.

Ìwé rẹ tó ní ọkọ̀ ń bọ̀ dé ní ọjọ́ mẹ́sàn-án lẹ́yìn tí ọkọ̀ ti dé. Nígbà tí dírẹ́bà láti Èkó kanlẹ̀kùn, tó ní kí n jáde wá gba mọ́tò, mo ní kó máa lọ, pé mi ò pe mọ́tò kankan. Ìgbà tó fi bàtà Tèmidire hàn mí ni mo tó gbà pé tiwa ni. Bàtà náà ò gba ẹsẹ̀ ọmọ náà mọ́. Ọmọ ń dàgbà, ìwọ ò sì sí nílé.

A dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ, àní a dúpẹ́ gan-an. Ìyá wọ́ ẹsẹ̀ jáde, wọ́n gbé ọwọ́ lé orí ọkọ̀ náà, wọ́n sì gbàdúrà fún ọ títí oòrùn fi fẹ́rẹ̀ẹ́ pa wá. Nígbà tí wọ́n ṣe àmín tán, wọ́n yí i ká, wọ́n bi mí pé, "Moyin, èyí tó kù ńkọ́?" Mo ní èwo ló kù? Wọ́n ní, "Èyí kéré. Ó jọ pé ìdajì ló kọ́kọ́ fi ránṣẹ́."

O mọ ìyá rẹ. Ọjọ́ kejì ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í di ẹrù. Gbogbo ohun tí wọ́n ti kó jọ láti 1948, nígbà tí àwọn àti Bàbá bá rélùwéè wá sí Kàdúná, ni wọ́n ń tò sí ọ̀dẹ̀dẹ̀: bẹ́ẹ̀dì onírin, máṣíìnì ìránṣọ wọn, àpótí aṣọ, abọ́ onírin aláwọ̀ funfun tí mi ò lè kà tán, ìkòkò, títí kan ọlọ. Mo ní ta ló tún ń lọ ata lórí ọlọ? Wọ́n ní kò sí èyí tí àwọn máa fi sílẹ̀, pé ẹnikẹ́ni ò ní sọ nílé pé àwọn lo ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta lókè Ọya, àwọn sì padà wálé lọ́wọ́ òfo.

Èyí tó ń bà mí lẹ́rù ni bí ọkọ̀ náà ṣe fúyẹ́. O mọ̀ pé láti ìgbà tí ọkọ mi ti kú, mi ò fọwọ́ kan ọkọ̀ mọ́. Mo fi èyí lọ sí Afaka lọ́jọ́ Sátidé láti lọ kí olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi kan tó bímọ. Tírélà kan sáré kọjá lára mi, afẹ́fẹ́ rẹ̀ sì gbá wa sí apá kan bíi pé bébà ni wá. Mo dúró sẹ́bàá ọ̀nà kí n tó tún máa lọ. Ṣé bó ṣe yẹ kó rí nìyí, àbí àìsàn kan ń ṣe é? Ìwé ni mo mọ̀ ọ́n kọ́ni, ìwọ lo mọ ọkọ̀.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Moyinọlá


Antwerp
Ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún, oṣù Kẹfà, 1994

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ kú ìrọ́jú. Ẹ sọ fún Ìyá pé mò ń jẹun. Ẹ má bínú pé mo pẹ́ kí n tó dáhùn, iṣẹ́ ló pọ̀.

Mo rẹ́rìn-ín sí ọ̀rọ̀ Ìyá pé ìdajì ọkọ̀ ni mo fi ránṣẹ́, ṣùgbọ́n kò jìnnà sí òótọ́. Páànù pẹlẹbẹ kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn dírẹ́bà tí wọ́n kọ nọ́ńbà sí. Ẹ ṣí i, ẹ wò ó. Ọkọ̀ náà lófìfo jẹ́ ẹgbẹ̀rin kílò. Nígbà tí èèyàn àti ẹrù bá wọ̀ ọ́ tán, kò gbọ́dọ̀ ju ẹgbẹ̀fà lọ. Ohun tó wà láàárín méjèèjì ni irínwó kílò, òun sì ni gbogbo àyè tí a ní. Inú irínwó yẹn ni ẹ̀yin máa wà, àti Ìyá, àti Tèmidire, àti èmi, àti omi tí a máa mu lọ́nà, kí ẹrù tó dé ọ̀rọ̀.

Kì í ṣe àìsàn ló ń ṣe é. Fífúyẹ́ rẹ̀ ni kì í jẹ́ kó jẹ epo púpọ̀, òun náà ló jẹ́ kó rọrùn láti yí ní àwọn kọ̀rọ̀ Badarawa, òun ló sì ń jẹ́ kó tètè dúró bí ẹ bá tẹ bíréèkì. Ẹni tó ru garawa omi kan lè dúró lójijì bí ewúrẹ́ bá sáré kọjá níwájú rẹ̀. Ẹni tó ru àgbá, ẹrù orí rẹ̀ ló máa yan ibi tó máa dúró sí fún un. Ohun tí ọkọ̀ fífúyẹ́ ò fẹ́ ni atẹ́gùn ẹ̀gbẹ́. Bí ẹ bá rí tírélà, ẹ rọra, ẹ fi ọwọ́ méjèèjì di ìtọ́kọ̀ mú, ẹ sì jìnnà sí i. Ẹ máa yẹ afẹ́fẹ́ táyà wò lọ́sẹ̀ọ̀sẹ̀.

Ẹ wá bá mi ṣe ohun kan. Ẹ wọn ẹrù Ìyá, lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́. Bí mo bá ti mọ ìwọ̀n ohun gbogbo, màá lè sọ èyí tó máa lọ àti èyí tí kò ní lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wọn Ìyá náà.

Èmi àbúrò yín,
Ọlọ́runtọ́ba


Badarawa, Kàdúná
Ọjọ́ kẹta, oṣù Kẹjọ, 1994

Tọ́ba,

Òjò ń rọ̀, ọ̀nà Badarawa ti di ẹrẹ̀, epo ò sí nílùú, wọn ò sì tíì san owó oṣù wa. Yàtọ̀ sí ìyẹn, a wà láàyè, a sì kí ọ.

O sọ mí di ẹni à ń wò ní ọjà Kawo. Yísà tó ń ta àgbàdo ló ní òṣùwọ̀n ńlá, ìyẹn tí wọ́n fi ń wọn àpò. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo lọ síbẹ̀, mo fi ọkọ̀ rẹ kó ẹrù ìyá rẹ lọ, mo sì tún kó o padà bọ̀. Ní ìgbà kẹta, Yísà bi mí pé, "Màdáámù, ẹ fẹ́ ta ilé ni?" Mo ní àbúrò mi ní ilẹ̀ òkèèrè ló fẹ́ mọ ìwọ̀n ọlọ. Ó wò mí, ó ní, "Allah ya kyauta," pé kí Ọlọ́run ṣàánú wa, ó sì bá mi gbé e. Ọlọ àti ọmọ rẹ̀ jẹ́ kílò mẹ́tàlélọ́gbọ̀n. Bẹ́ẹ̀dì jẹ́ méjìdínláàádọ́ta. Mo to ìyókù sí ẹ̀yìn ìwé yìí. Gbogbo ẹrù lápapọ̀ jẹ́ igba kílò ó lé mọ́kàndínlógún.

Ti Ìyá fúnra wọn ló dá wàhálà sílẹ̀. Wọ́n ní àwọn kì í ṣe àpò àgbàdo. Wọ́n ní ibi kan ṣoṣo tí wọ́n ti ń wọn èèyàn ni ọ̀dọ̀ àwọn aboyún ní ọsibítù, àwọn sì ti kúrò níbẹ̀ láti ọdún tí wọ́n ti bí ọ. Mo ní ìwọ lo ní ká wọ̀n wọ́n. Wọ́n bá dìde. Ní kílíníìkì, wọ́n gun orí òṣùwọ̀n tàwọn ti gèlè, tàwọn ti bàtà, tàwọn ti báàgì lọ́wọ́. Nọ́ọ̀sì ní kí wọ́n gbé báàgì sílẹ̀. Wọ́n ní, "Bí mo ṣe máa wọ ọkọ̀ nìyí." Kílò méjìlélọ́gọ́ta ni wọ́n. Àwa mẹ́rin, bí mo bá fi ọ́ sí àádọ́rin, jẹ́ igba ó lé márùndínláàádọ́rin. Má bi mí léèrè pé mélòó ni tèmi nínú rẹ̀.

Mo kúkú ti ṣírò rẹ̀, torí olùkọ́ ni mí. Àwa àti ẹrù fi mẹ́rìnlélọ́gọ́rin ju irínwó rẹ lọ. Mo ní kí wọ́n fi bẹ́ẹ̀dì àti ọlọ sílẹ̀. Wọn ò gbà.

Ìròyìn rere kan wà ṣá. Ọkọ̀ náà ti yé fò. Yàkúbù mẹkáníìkì, tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ gáréèjì Kawo, wakọ̀ náà wò, ó ní, "Kai, Màdáámù, mọ́tò yìí fúyẹ́ jù, wallahi. Ẹ jẹ́ ká fún un ní nǹkan tó máa gbé, yóò jókòó." Àpò yanrìn méjì ló dì sí bùútù. Láti ìgbà náà, tírélà lè kọjá bó ṣe wù ú, ọkọ̀ wa ò mira. Mi ò ka yanrìn náà mọ́ ẹrù nínú ìṣirò mi, nítorí ó ti di ara ọkọ̀.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Moyinọlá


Antwerp
Ọgbọ̀njọ́, oṣù Kẹjọ, 1994

Ẹ̀gbọ́n mi,

Kí ẹ tó ka ìwé yìí tán, ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ kó yanrìn yẹn kúrò.

Ọkọ̀ ò mọ yanrìn yàtọ̀ sí èèyàn. Àpò méjì yẹn ò lè dín ní ọgọ́rùn-ún kílò. Ẹ ti fi yanrìn gba ibi tí Ìyá máa jókòó, àti ibi ẹsẹ̀ wọn, àti ibi àpótí wọn. Ohun tó tún burú jù ni pé ẹ̀yìn pátápátá ni wọ́n dì í sí. Bí ẹ̀yìn ṣe ń lọ sílẹ̀ ni iwájú ń gbé sókè, táyà iwájú ló sì ń yí ọkọ̀, òun ló sì ń ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ bíréèkì. Táyà tí kò tẹ ilẹ̀ dáadáa kò lè gbọ́ràn sí yín lẹ́nu. Ẹ wo iná iwájú ọkọ̀ náà lálẹ́, ẹ máa rí i pé orí igi ló ń tàn sí. Ohun tí ẹ pè ní jíjókòó yẹn, wíwúwo ni, ọkọ̀ tó bá wúwo kì í tètè dúró.

Mo kọ gbogbo èyí ránṣẹ́ nínú oṣù Kẹfà. Ọ̀rọ̀ Yàkúbù lẹ wá gbà ju tèmi lọ. Inú mi ò dùn, ẹ̀gbọ́n mi, mi ò ní purọ́.

Èmi àbúrò yín,
Ọlọ́runtọ́ba


Badarawa, Kàdúná
Ọjọ́ kẹrìnlélógún, oṣù Kẹwàá, 1994

Tọ́ba,

Ìwé rẹ dé ní ọjọ́ kọkànlá oṣù yìí. Ó ti pẹ́ jù.

Ní oṣù Kẹsàn-án, èmi àti Ìyá ń ti kílíníìkì bọ̀, a ń sọ̀kalẹ̀ lórí bírííjì Kawo. Ọkùnrin kan lórí alùpùpù yà síwájú mi. Mo tẹ bíréèkì, ọkọ̀ náà sì ń lọ. Mo tún tẹ̀ ẹ́ tẹsẹ̀ méjèèjì, ó ṣì ń lọ, bí ẹni pé àwọn kan ń tì í látẹ̀yìn. Ìgbà tó máa fi dúró, ẹnu rẹ̀ ti kan táyà alùpùpù náà. Ọlọ́run ló yọ wá. Ọkùnrin náà bọ́ sílẹ̀, mo rò pé yóò bú mi. Ó bẹjú wo inú ọkọ̀, ó rí Ìyá tí wọ́n di ìjókòó mú, ó kí wọn pẹ̀lẹ́ pé, "Sannu, Mama, sannu," ó gun alùpùpù rẹ̀, ó lọ. Èmi àti Ìyá délé. Nígbà tí mo gbé omi fún wọn, wọ́n ní, "Moyin, ta ló fẹ́ pa mí nínú ẹ̀yin méjèèjì, ìwọ ni àbí ọkọ̀?"

Mi ò mọ̀ pé yanrìn ni, àfìgbà tí ìwé rẹ dé. Lọ́jọ́ náà gan-an ni mo dà á nù. Yàkúbù ní òun ò gbà, pé gbogbo àwọn oníbàárà òun tó ní irú ọkọ̀ yìí ló ń gbé yanrìn kiri. Mo ní kó máa bá tiwọn lọ. O jàre, mo jẹ̀bi, ó tán.

Ìwọ náà wá gbọ́ tèmi. O ń kọ́ mi ní kílò láti ilẹ̀ òkèèrè. Ta ló ń gbé Ìyá gun àtẹ̀gùn kílíníìkì? Ta ló ń to ìlà epo láti ìdájí, tó tún ń lọ kọ́ ọmọ ogójì ní kíláàsì kan? Tèmidire ò fẹ́ sọ Yorùbá mọ́, bí màmá àgbà bá pè é, Haúsá ló fi ń dáhùn, èmi ni mò ń túmọ̀ láàárín wọn nínú ilé ara mi. Ó rẹ̀ mí, Tọ́ba. Ó rẹ̀ mí débi pé bí mo bá jókòó, ó ń ṣe mí bíi kí n má dìde mọ́.

Oṣù Kejìlá ku ọ̀sẹ̀ márùn-ún. Láti oṣù Kejì, o ò kọ ọjọ́ tí o ń bọ̀ sínú ìwé kankan. Mo sọ fún Ìyá pé bí o bá pẹ́, èmi lè gbé wọn lọ, mo ti mọ ọkọ̀ náà dáadáa báyìí. Wọ́n ní, "Mo mọ̀ pé o lè gbé mi lọ. Ṣùgbọ́n ọmọ tí wọ́n ń bi mí léèrè nílé kì í ṣe ìwọ." Wọ́n ní àwọn aya ilé Bàbá ń sọ ọ́ pé òyìnbó ti gbé ọmọ wọn mì. Wọ́n fẹ́ kí gbogbo wọn rí ọ nídìí ọkọ̀, kí wọ́n rí i pé ìwọ lo gbé ìyá rẹ wálé.

Nítorí náà, ọjọ́ wo lo ń bọ̀? Kọ ọjọ́ nìkan. Má kọ kílò.

Moyinọlá


Antwerp
Ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n, oṣù Kọkànlá, 1994

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ka ìwé yìí sí etí Ìyá.

Mi ò lè wá. Mi ò ní ìwé ìgbélùú. Èyí tí mo fi wọ ibí ti parí láti 1991. Agbẹjọ́rò kan ti gbé ọ̀rọ̀ mi lọ síwájú ìjọba, wọ́n ní lọ́dún tó ń bọ̀ ni wọ́n máa tó dá a. Bí mo bá fi ẹsẹ̀ kan jáde kí wọ́n tó dá a, ẹjọ́ náà ti kú nìyẹn, wọn ò sì ní jẹ́ kí n wọlé mọ́. Ọdún méje mi ló wà nínú rẹ̀.

Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbà tí mò ń kọ ìwé oṣù Kejì. Mo rò pé kí Kérésìmesì tó dé, nǹkan á ti yí padà. Lẹ́yìn ìyẹn, ojú ń tì mí. Ìwọ̀n ẹrù rọrùn fún mi láti kọ, torí òun nìkan ni ohun tó dá mi lójú nínú gbogbo ọ̀rọ̀ náà.

Mo jẹ̀bi yín, ẹ̀gbọ́n mi. Mi ò mọ bí ẹ ṣe máa sọ ọ́ fún Ìyá. Ohunkóhun tí ẹ bá rí pé ó dára, ẹ bá mi sọ ọ́.

Èmi àbúrò yín,
Ọlọ́runtọ́ba


Badarawa, Kàdúná
Ọjọ́ kẹjọ, oṣù Kìíní, 1995

Tọ́ba,

Ní ọjọ́ Kérésìmesì, Ìyá wọ aṣọ òkè wọn, wọ́n jókòó sí iwájú ilé láti àárọ̀. Bí ọkọ̀ bá ti yà wọ àdúgbò, wọ́n á na ọrùn. Ìwé rẹ dé ní ọjọ́ kejì rẹ̀. Mo kà á nínú ilé ìdáná, mo tún un kà. Mi ò tíì bínú. Bóyá ìbínú ń bọ̀ lẹ́yìn, àárẹ̀ ni ò jẹ́ kó ráyè.

O ní kí n sọ ohun tó bá dára. Gbọ́ ohun tí mo sọ. Mo ní, "Ìyá, Tọ́ba ti ṣírò rẹ̀. Irínwó kílò ni ọkọ̀ náà lè gbé. Bí òun bá wọ̀ ọ́, ẹrù yín ò lè lọ. Bí ẹrù yín bá lọ, òun ò lè wọ̀ ọ́." Mo rò pé mo gbọ́n. Ẹni tí kò gbà láti fi ọlọ sílẹ̀ láti oṣù Kẹjọ, mo mọ̀ pé ẹrù ló máa yàn. Wọ́n á bú ọkọ̀ díẹ̀, wọ́n á bú ìwọ náà díẹ̀, lẹ́yìn náà a ó máa lọ.

Wọ́n ní kí n bu oúnjẹ wá.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, nínú ọyẹ́ yẹn, mo jáde, mo bá wọn níta pẹ̀lú gbogbo ẹrù náà. Tèmidire ló bá wọn kó o jáde. Wọ́n ti ránṣẹ́ pe àdúgbò. Hàjàrá, tí ògiri kan ṣoṣo wà láàárín wa láti ọgbọ̀n ọdún, ni wọ́n gbé máṣíìnì ìránṣọ fún. Hàjàrá ń sunkún, ó ní, "Haba, Mama, haba." Japhet tó ń ṣọ́ ṣọ́ọ̀ṣì wa ló gbé bẹ́ẹ̀dì lọ. Abọ́ àti ìkòkò di ti ẹgbẹ́ obìnrin ìjọ. Aṣọ ni wọ́n pín títí àpótí fi ṣófo, wọ́n sì fi àpótí náà ta ẹnì kan lọ́rẹ. Ọlọ ni kò rí ẹni gbà á, wọ́n ní kí n yí i dà sẹ́yìnkùlé.

Ìró méjì, Bíbélì, tówẹ̀lì, ló ṣẹ́ kù, wọ́n dì í sínú àpò ọ̀rá kan. Wọ́n ní kí n lọ wọ̀n ọ́n. Tọ́ba, mo lọ sí Kawo, mo gbé e sórí òṣùwọ̀n Yísà. Kílò mẹ́rin.

Wọ́n bi mí pé, "Ṣé ó ti gbà á báyìí?"

Mo ní ó ti gbà á.

Wọ́n ní, "Kọ̀wé sí i, kó máa bọ̀."

Ohun tí irọ́ mi bí nìyẹn. Ẹrù ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta ti tán nílẹ̀ nítorí pé kí ìwọ lè rí ibi jókòó sí. Wọn ò bá mi jà, inú wọn dùn, ìyẹn gan-an ni mi ò lè gbà mọ́ra. Ẹsẹ̀ wọn ń wú sí i. Dókítà ní bí wọ́n bá máa rin irú ìrìn àjò yẹn, kí ó jẹ́ kíákíá.

Mi ò ní pa irọ́ kejì. Kọ̀wé sí Ìyá fúnra rẹ. Bí o bá ṣe kọ ọ́ ni màá ṣe kà á fún wọn, mi ò ní fi kún un, mi ò sì ní yọ nínú rẹ̀.

Moyinọlá


Antwerp
Ọjọ́ kejì, oṣù Kejì, 1995

Ìyá mi,

Mo dọ̀bálẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ló ń ka ìwé yìí fún yín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bi wọ́n ní nǹkan kan títí wọ́n á fi kà á tán, ẹ má sì bá wọn wí. Nítorí tèmi ni wọ́n ṣe purọ́.

Ọkọ̀ kọ́ ni kò gbà mí, Ìyá. Èmi ni mi ò lè wá. Mi ò ní ìwé ìlú yìí, bí mo bá sì jáde, gbogbo ohun tí mo ti ń dúró dè láti ọdún méje ti bà jẹ́ nìyẹn. Mo ti mọ̀ ọ́n láti ìbẹ̀rẹ̀, mo sì jẹ́ kí ẹ jókòó síta lọ́jọ́ Kérésìmesì. Mo gbọ́ bí ẹ ṣe pín ẹrù yín. Ẹ dárí jì mí.

Ẹ má dúró dè mí mọ́. Ẹ jẹ́ kí ẹ̀gbọ́n mi gbé yín lọ bí ẹ bá ti gbọ́ ìwé yìí tán, kí ooru tó dé. Bí àwọn aya ilé bá bi yín pé ọmọ yín ọkùnrin dà, ẹ sọ pé ó wà láàyè, àti pé ojú ń tì í.

Ohun kan kù tí mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni. Mi ò mọ ọkọ̀ wà. Nínú ọgbà yẹn, fífọ̀ ni mò ń fọ ọkọ̀, mo sì ń ka nọ́ńbà tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn wọn. Ẹnikẹ́ni ò fún mi ní kọ́kọ́rọ́ rí. Bí mo bá tilẹ̀ dé, Ìyá, Moyinọlá ló máa gbé wa lọ, ẹ̀yìn ni èmi ì bá jókòó sí.

Ọmọ yín,
Ọlọ́runtọ́ba